Àfarabalẹ̀-Wò: Ìtàn, Ilẹ̀ àti Àkókò nínú Iṣẹ́ Fíìmù James Benning

Àṣamọ̀

Àpilẹ̀kọ yìí dá lé orí iṣẹ́ James Benning, ọmọ ilẹ̀ Amẹ́ríkà tí ó ti ń ṣe fíìmù láti ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970. Ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn mọ̀ ọ́n mọ́ ni pé ó máa ń gbé kámẹ́rà kalẹ̀ síwájú omi, òpópónà, ilé-iṣẹ́ tàbí ojú sánmà, tí kò sì ní yẹ̀ ẹ́ kúrò lójú kan fún ìṣẹ́jú púpọ̀. Àwọn kan tìtorí èyí sọ pé kò sí ìtàn nínú fíìmù rẹ̀. Èrò tiwa ni pé ìtàn gan-an ni Benning ń kọ: ilẹ̀ ni tákàdá rẹ̀, àkókò sì ni gègé tí ó fi ń kọ ọ́. A ó wo ìgbésí-ayé rẹ̀, ọgbọ́n tí ó ń dá, àti díẹ̀ nínú àwọn fíìmù tí ó ṣe láàárín 1977 sí 2022. Ní ìparí, a ó yẹ ìbéèrè kan wò tí ó kan gbogbo ẹni tí ń ṣiṣẹ́ ìtàn: ǹjẹ́ ohun tí ojú rí nìkan tó láti fi ṣe ẹ̀rí?

Ìfáàrà

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ẹni tí ó bá fara balẹ̀ pa èèrà ni yóò rí ìfun inú rẹ̀. Ọ̀rọ̀ èèrà kọ́ ni àwọn àgbà ń sọ. Ọ̀rọ̀ ojú àti sùúrù ni. Ohun tí ó bá kéré, tàbí tí ó bá ti mọ́ wa lára jù, kì í fi inú rẹ̀ han ẹni tí ń kánjú. Bí a bá ń wá aṣefíìmù tí ó fi gbogbo ayé rẹ̀ ṣe àlàyé òwe yìí láìmọ̀ ọ́n, a kò ní wá a lọ títí kí a tó kan James Benning.

Kí a tó dé orí iṣẹ́ rẹ̀, ó yẹ kí a rántí ibi tí ọ̀rọ̀ fíìmù ti bẹ̀rẹ̀. Ní ọjọ́ 28 oṣù Kejìlá ọdún 1895, ní ìlú Paris, ni tẹ̀gbọ́n-tàbúrò Lumière fi fíìmù han àwọn òǹwòran tí wọ́n sanwó wọlé. Fíìmù kọ̀ọ̀kan kò tó ìṣẹ́jú kan. Kámẹ́rà kò kúrò lójú kan. Ohun tí ó bá kọjá níwájú rẹ̀ ni ó ń yà. Ọ̀kan nínú wọn ni èyí tí àwọn òṣìṣẹ́ ti ń jáde ní ẹnu ọ̀nà ilé-iṣẹ́. Kò pẹ́ rárá tí àwọn aṣefíìmù fi kọ́ bí a ti ń gé àwòrán tí a sì ń so ó pọ̀, kí eré lè máa yára, kí òǹwòran má sì ráàyè yáwọ́. Ọ̀nà yìí ni ó gba gbogbo ayé kan. Òun náà ni ó wà nínú sinimá àgbéléwò tí a ń wò nílé.

Ṣùgbọ́n ọ̀nà àkọ́kọ́ kò parun. Ní 1964, Andy Warhol gbé kámẹ́rà síwájú ilé gogoro Empire State Building ní New York, ó sì fi ohun tí ó yà ṣe fíìmù tí ó lé ní wákàtí 8. Ní 1967, Michael Snow, ọmọ ilẹ̀ Kánádà, ṣe fíìmù ìṣẹ́jú 45 tí gbogbo rẹ̀ wáyé nínú iyàrá kan ṣoṣo. Ní 1969 ni onímọ̀ kan, P. Adams Sitney, kọ àròkọ kan tí ó fi orúkọ sọ ẹ̀yà fíìmù yìí, èyí tí ìgbékalẹ̀ rẹ̀ ṣe pàtàkì ju ìtàn inú rẹ̀ lọ. Ẹ̀yìn àwọn wọ̀nyí ni Benning dé. Ó gba ọgbọ́n wọn, ṣùgbọ́n ó fi ohun kan kún un tí kò fi bẹ́ẹ̀ sí nínú tiwọn: ó ń wá ìtàn ilẹ̀ rẹ̀.

Ìgbésí-Ayé Benning ní Ṣókí

Ìlú Milwaukee ní ìpínlẹ̀ Wisconsin ni a bí Benning sí ní ọdún 1942. Ìlú ilé-iṣẹ́ ni Milwaukee nígbà náà: wọ́n ń tò ẹ̀rọ, wọ́n ń rọ irin, wọ́n sì ń pọn ọtí bíà. Àdúgbò àwọn òṣìṣẹ́ tí àwọn babańlá wọn ti ilẹ̀ Jámánì wá ni wọ́n ti tọ́ ọ dàgbà. Ìmọ̀ ìṣirò ni ó kọ́kọ́ kà ní yunifásítì, èyí kò sì ní yani lẹ́nu bí a bá ń ka iye ìran àti iye ìṣẹ́jú tí ó wà nínú àwọn fíìmù rẹ̀.

Nígbà tí ogun Vietnam ń lọ lọ́wọ́, òfin yọ̀ǹda fún àwọn tí ó wà ní ilé-ẹ̀kọ́ gíga láti má lọ sójú ogun. Benning fi ẹ̀kọ́ rẹ̀ sílẹ̀, ó sì tipa bẹ́ẹ̀ kọ ààbò náà, nítorí pé àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ tí kò ní irú àǹfààní bẹ́ẹ̀ ń kú níbẹ̀. Ó lọ sí ìpínlẹ̀ Colorado, ó ń kọ́ ọmọ àwọn òṣìṣẹ́ oko tí ń ṣí kiri ní ìwé kíkà àti ìwé kíkọ. Lẹ́yìn èyí ni ó bá wọn dá ètò ìpín-oúnjẹ fún àwọn tálákà sílẹ̀ ní agbègbè Ozarks ní Missouri. Ó padà sí ilé-ẹ̀kọ́, ó sì gba oyè másítà nínú iṣẹ́ ọnà ní Yunifásítì Wisconsin, ní Madison, ní 1975. Ní 1987 ni ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ olùkọ́ ní California Institute of the Arts. Níbẹ̀ ni ó dá ẹ̀kọ́ kan sílẹ̀ tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Wíwò àti Fífetísílẹ̀. Yóò kó àwọn akẹ́kọ̀ọ́ lọ sí ibì kan, iṣẹ́ wọn kò sì ju pé kí wọ́n wò, kí wọ́n sì gbọ́.

A tọ́ka sí àwọn nǹkan wọ̀nyí nítorí pé wọ́n ṣe kókó. Ẹni tí ó ti bá òṣìṣẹ́ oko gbé, tí ó ti rí ebi ní ilẹ̀ tí gbogbo ayé ń pè ní ilẹ̀ ọrọ̀, kò lè wo pápá kí ó rí kìkì ewéko. Yóò bi ara rẹ̀ léèrè pé ta ni ó roko náà, àti pé ta ni ó ń jẹ èrè rẹ̀.

Ọgbọ́n Iṣẹ́: Gígùn Róòlù àti Gígùn Ìwò

Nínú àpilẹ̀kọ yìí, ohun tí a pè ní ìran ni ohun tí kámẹ́rà yà láti ìgbà tí a tan án títí di ìgbà tí a pa á, láìgé e. Láti ìbẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ rẹ̀ títí di 2007, fíìmù mìlímítà 16 ni Benning ń lò. Bí irú fíìmù yìí bá ń sáré ní férémù 24 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, róòlù tí ó gùn tó ẹsẹ̀ bàtà 100 kò ní pé ìṣẹ́jú 3 tí yóò fi tán. Èyí tí ó gùn tó ẹsẹ̀ bàtà 400 yóò lò tó ìṣẹ́jú 11. Bí a bá wá rí i pé ìran kọ̀ọ̀kan nínú àwọn fíìmù rẹ̀ kan jẹ́ ìṣẹ́jú 2 àbọ̀, tí ti àwọn mìíràn sì jẹ́ ìṣẹ́jú 10, a ó mọ̀ pé kì í ṣe pé ó ṣèèṣì. Ohun èlò ni ó pààlà fún un, òun sì sọ ààlà náà di òfin.

Òfin yìí ní ìdí. Bí òǹwòran bá ti mọ̀ pé ìran kọ̀ọ̀kan yóò gba iye ìṣẹ́jú kan náà, yóò dẹ́kun àti máa retí ohun tí ó kàn. Ojú rẹ̀ yóò wá sinmi sórí ohun tí ó wà níwájú rẹ̀. Nígbà tí a fi ọ̀kan nínú àwọn fíìmù wọ̀nyí han àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa kan, ìṣẹ́jú 2 kò tí ì pé tí ẹnì kan fi béèrè bóyá ẹ̀rọ ti há. Nígbà tí ó di bí ìṣẹ́jú kẹfà, akẹ́kọ̀ọ́ mìíràn tí kò sọ̀rọ̀ rárá láti àárọ̀ wá ní, "Ẹ wò ó, sà, omi yìí ti pa àwọ̀ dà." Òótọ́ ni ó sọ, òjìji kùrukùru ti bo apá kan omi náà. Láàárín ìbéèrè àkọ́kọ́ àti ọ̀rọ̀ kejì yìí ni gbogbo ẹ̀kọ́ Benning wà.

Nígbà tí ó di 2009, ó bẹ̀rẹ̀ sí í lo kámẹ́rà díjítà, ààlà róòlù sì kúrò. Fíìmù àkọ́kọ́ tí ó fi í ṣe ni Ruhr, tí ó yà ní agbègbè ilé-iṣẹ́ irin àti èédú ní ilẹ̀ Jámánì. Ìran 7 péré ni ó wà nínú fíìmù oníwákàtí 2 náà. Ìran 6 àkọ́kọ́ gba wákàtí kan. Ìran keje nìkan gba wákàtí kan. Ilé gogoro kan ní Duisburg ni ìran ìkẹyìn yìí ń wò, níbi tí wọ́n ti ń da omi sí èédú kóòkì gbígbóná tí wọ́n fi ń yọ́ irin. Bí wọ́n bá ti da omi sí i, oruku yóò sọ, yóò bo ilé náà mọ́lẹ̀, yóò sì tún ká kúrò díẹ̀díẹ̀. Nínú àwọn ìran ìṣáájú ni a ti rí àwọn ọkùnrin tí ń kírun nínú mọ́ṣáláṣí kan ní Duisburg. Benning kò sọ ohunkóhun nípa wọn. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá mọ̀ pé láti 1961 ni ìjọba Jámánì ti fọwọ́ sí àdéhùn pé kí àwọn ará Tọ́kì wá ṣiṣẹ́ nílẹ̀ wọn, yóò rí okùn tí ó so mọ́ṣáláṣí náà pọ̀ mọ́ ilé gogoro tí ń rú èéfín.

Milwaukee: Ibì Kan Náà lẹ́yìn Ọdún 27

Ní 1977, Benning ṣe One Way Boogie Woogie. Ìran 60 ni ó wà nínú rẹ̀, ọ̀kọ̀ọ̀kan jẹ́ ìṣẹ́jú kan. Àfonífojì ilé-iṣẹ́ ní Milwaukee ni ó ti yà wọ́n: ògiri bíríkì, èéfín, ojú irin, ọkọ̀ tí wọ́n gbé sẹ́gbẹ̀ẹ́ títì, àti àwọn ènìyàn díẹ̀ tí wọ́n jẹ́ ọ̀rẹ́ àti ẹbí rẹ̀. Nígbà náà, ẹ̀fẹ̀ àti àwọ̀ tí ó dùn-ún wò ni ó hàn sí àwọn òǹwòran.

Lẹ́yìn ọdún 27, ó padà sí àwọn ojú ibi 60 náà. Ó gbé kámẹ́rà sí ibi tí ó ti gbé e sí rí, ó wá àwọn ènìyàn wọ̀nyẹn rí, ó sì tún gbogbo rẹ̀ yà. Kò gba ohùn tuntun. Ohùn ti 1977 ni ó fi sí àwọn àwòrán tuntun náà. Ó wá so àwọn méjèèjì pọ̀, ó sì pe fíìmù náà ní One Way Boogie Woogie/27 Years Later. Àbájáde rẹ̀ wọni lára gidigidi. A ń gbọ́ ariwo ilé-iṣẹ́, ṣùgbọ́n ilé-iṣẹ́ náà kò sí mọ́. A gbọ́ ohùn ọ̀dọ́, arúgbó ni a sì ń wò.

Iṣẹ́ ìtàn ni èyí, kò sì sí ẹni tí ó lè jiyàn rẹ̀. Láàárín àwọn ọdún 1970 sí 1990, iṣẹ́ irin àti ẹ̀rọ lọ sílẹ̀ púpọ̀ ní àwọn ìlú tí ó yí àwọn adágún ńlá ilẹ̀ Amẹ́ríkà ká, Milwaukee sì wà lára wọn. Òpìtàn mìíràn lè fi iye òṣìṣẹ́ tí wọ́n dá dúró sọ ọ́. Benning fi ògiri tí kò sí mọ́ sọ ọ́. Ohun tí ó sì fi kún un tí iye kò lè sọ ni pé àwọn ènìyàn náà ṣì wà níbẹ̀, wọ́n ti dàgbà, wọ́n sì ń wo kámẹ́rà.

Ta Ni Ó Ni Ilẹ̀?

Ní 1995, nínú Deseret, Benning yan ìròyìn 93 nípa ilẹ̀ Utah láti inú ìwé ìròyìn New York Times, láti àárín ọ̀rúndún kọkàndínlógún títí di 1992. Wọ́n ń kà wọ́n sókè bí àwòrán òkè, aginjù àti ìlú Utah ti ń tẹ̀lé ara wọn. Nínú ìròyìn náà ni a ti ń gbọ́ nípa àwọn Mọ́mọ́nì, nípa àwọn onílẹ̀ tí wọ́n lé kúrò, àti nípa ìpànìyàn. Ilẹ̀ tí a ń wò dákẹ́. Ìdákẹ́jẹ́ yìí ni ó ń bani lẹ́rù, nítorí pé ojú wa kò rí àpá kankan, etí wa sì ti gbọ́ ohun tí ó ṣẹlẹ̀.

Lẹ́yìn èyí ni ó ṣe fíìmù mẹ́ta nípa California: El Valley Centro (1999), Los (2000) àti Sogobi (2001). Àkọ́kọ́ dá lórí àfonífojì oko ńlá tí ó wà láàárín ìpínlẹ̀ náà. Èkejì dá lórí ìlú Los Angeles. Ẹ̀kẹta dá lórí aginjù àti igbó, ọ̀rọ̀ tí ó fi sọ ọ́ lórúkọ sì jẹ́ ti àwọn Shoshone, onílẹ̀ àtijọ́, ìtumọ̀ rẹ̀ sì ni ilẹ̀. Ìran 35 ni ó wà nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan, ìran kọ̀ọ̀kan sì jẹ́ ìṣẹ́jú 2 àbọ̀.

Bí El Valley Centro ti ń lọ, òǹwòran yóò rí oko òwú, ọkọ̀ ojú irin, ẹ̀rọ tí ń ṣiṣẹ́ lóko, àwọn tí ń bẹ̀rẹ̀ ṣiṣẹ́ nínú oòrùn. Àwòrán tí ó lẹ́wà ni. Nígbà tí fíìmù bá parí ni àkọsílẹ̀ yóò wá jáde, tí yóò to orúkọ ibi kọ̀ọ̀kan àti ẹni tí ó ni ín lẹ́sẹẹsẹ. Orúkọ àwọn ilé-iṣẹ́ ńláńlá ni ó kún inú rẹ̀. Nígbà yìí gan-an ni òǹwòran yóò rí i pé gbogbo ohun tí òun ti ń wò tí òun pè ní ìṣẹ̀dá ni ó ti ní olówó. Omi ni ó so fíìmù mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pọ̀. Ibi tí omi ti ń ṣàn wọ ihò ńlá kan ní adágún Berryessa ni El Valley Centro ti bẹ̀rẹ̀. Ibẹ̀ kan náà ni Sogobi parí sí. Ẹni tí ó bá mọ ìtàn California mọ̀ pé láti 1913, tí wọ́n ti ṣí ojú ọ̀nà omi tí ó ń gbé omi àfonífojì Owens wá sí Los Angeles, ẹni tí ó bá di omi mú ni ó di ìlú mú.

Adágún 13, Sánmà 10

Fíìmù tí ó gbé orúkọ rẹ̀ ga jù lọ ni 13 Lakes, tí ó jáde ní 2004. Adágún 13 ni, láti Maine dé Alaska, láti Florida dé Minnesota. Ọ̀kọ̀ọ̀kan gba ìṣẹ́jú 10. Omi gba ìdajì férémù, sánmà gba ìdajì tí ó kù. Ní 2014, Ilé-Ìkàwé Ìjọba Àpapọ̀ ilẹ̀ Amẹ́ríkà fi fíìmù yìí sínú àkójọ àwọn fíìmù tí orílẹ̀-èdè náà pinnu láti máa dáàbò bò.

Ní ọdún kan náà ni Ten Skies jáde: ìran 10, ìṣẹ́jú 10 fún ọ̀kọ̀ọ̀kan, ojú sánmà nìkan. Àwọn kan lè rò pé kò sí ibi tí ó jìnnà sí ìtàn tó ojú sánmà. Ṣùgbọ́n nínú àwọn ìran náà, èéfín iná tí ń jó igbó wà níbẹ̀, ooru tí ń jáde láti inú ilé-iṣẹ́ náà sì wà níbẹ̀. Bákan náà ni ọ̀rọ̀ rí pẹ̀lú àwọn adágún. Salton Sea, tí ó dà bí òkun tí Ọlọ́run dá, kò sí níbẹ̀ ní 1904. Ní 1905 ni omi odò Colorado ya ojú ọ̀nà tí àwọn ènìyàn gbẹ́ fún un, ó sì ń ṣàn lọ sínú aginjù fún nǹkan bí ọdún 2. Lake Powell náà, ẹ̀yìn dáàmù tí wọ́n parí ní 1963 ni ó ti wá. Ohun tí a pè ní iṣẹ́ ọwọ́ Ọlọ́run, ọwọ́ ènìyàn wà nínú rẹ̀. Benning kò sọ èyí fún wa. Ó fún wa ní ìṣẹ́jú 10 láti béèrè.

Ọ̀rọ̀ Àwọ̀ Ara

Ó ṣe é ṣe kí ẹnì kan sọ pé aṣefíìmù tí ń wo omi àti sánmà ń sá fún ọ̀rọ̀ ènìyàn ni. Fíìmù méjì tó láti dá ẹni bẹ́ẹ̀ lóhùn.

Èkíní ni American Dreams (1984). Lójú férémù ni a ti ń rí àwọn káàdì àti ohun ìrántí tí Benning kó jọ nípa Hank Aaron, ọmọ aláwọ̀ dúdú láti Alabama tí ó bẹ̀rẹ̀ sí í gba baseball fún ẹgbẹ́ Milwaukee ní 1954. Ní ọjọ́ 8 oṣù Kẹrin 1974 ni Aaron kọjá iye 714 tí Babe Ruth, aláwọ̀ funfun, fi lélẹ̀; kí ó tó ṣe é, lẹ́tà ìhàlẹ̀ ikú ni àwọn elẹ́yàmẹ̀yà ń kọ sí i. Bí káàdì wọ̀nyí ti ń kọjá lọ́kọ̀ọ̀kan, ọ̀rọ̀ tí a fi ọwọ́ kọ ń wọ́ lọ nísàlẹ̀ férémù. Ìwé ìrántí Arthur Bremer ni, ọ̀dọ́mọkùnrin aláwọ̀ funfun ará Milwaukee kan náà, tí ó yìnbọn mọ́ George Wallace, gómìnà Alabama, ní ọdún 1972. Ìlú kan náà, àkókò kan náà, ọkùnrin méjì tí ń lépa òkìkí: ọ̀kan fi ọgbọ́n ọwọ́ rẹ̀, ọ̀kan fi ìbọn. Ojú òǹwòran kò lè ka ìsàlẹ̀ kí ó tún wo òkè lẹ́ẹ̀kan náà. Ohun yòówù tí ó bá yàn láti wò, yóò pàdánù ìkejì. Èyí jọ ìtàn Amẹ́ríkà púpọ̀.

Èkejì ni Allensworth (2022). Allen Allensworth ni a bí sínú ẹrú ní Kentucky ní 1842. Ó bọ́ lóko ẹrú, ó di àlùfáà nínú ẹgbẹ́ ọmọ ogun, ó sì fẹ̀yìn tì ní 1906. Ní 1908, òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tẹ ìlú kan dó ní California, níbi tí àwọn aláwọ̀ dúdú yóò ti máa ṣèjọba ara wọn. Wọ́n kọ́ ilé-ẹ̀kọ́, wọ́n kọ́ ilé-ìkàwé. Ṣùgbọ́n omi kò tó wọn, àwọn tí ó ṣèlérí rẹ̀ kò mú ìlérí ṣẹ. Ní 1914, ilé-iṣẹ́ rélùwéè gbé ibùdókọ̀ rẹ̀ lọ sí ìlú mìíràn, alùpùpù sì kọlu Allensworth, ó sì kú ní ọdún náà. Ìlú náà rọ díẹ̀díẹ̀. Ìjọba ìpínlẹ̀ ni ó padà tún àwọn ilé rẹ̀ kọ́ fún ìrántí láti àwọn ọdún 1970.

Benning ya àwọn ilé yìí fún oṣù 12, ìṣẹ́jú 5 fún oṣù kọ̀ọ̀kan. Kò fẹ́rẹ̀ẹ́ sí ènìyàn nínú rẹ̀. Ní oṣù kan ṣoṣo ni a rí ọ̀dọ́bìnrin kan tí ó wọ irú aṣọ tí Elizabeth Eckford wọ̀ ní 1957, nígbà tí ogunlọ́gọ̀ aláwọ̀ funfun ń pariwo lé e lórí lẹ́nu ọ̀nà ilé-ẹ̀kọ́ ní Little Rock. Ó ń ka ewì Lucille Clifton. Ní ìyókù, ilẹ̀kùn tí a tì, koríko, afẹ́fẹ́ àti ìró ọkọ̀ ojú irin tí kò dúró mọ́ ni ó kù. Ìjókòó oṣù 12 lẹ́nu ọ̀nà ilé tí onílé ti lọ, ó jọ ìjókòó ẹni tí ó wá bá wọn kẹ́dùn.

Nígbà tí Ojú Bá Tàn Wá Jẹ

Títí dé ìhín, ó lè dà bí ẹni pé a ń sọ pé kí ẹni tí ń wá òtítọ́ ṣáà ti jókòó kí ó wò. Ibi yìí gan-an ni Benning ti yọ àkàbà kúrò lẹ́sẹ̀ wa.

Ní 2007 ni ó ṣe casting a glance, nípa òkìtì olókùúta tí Robert Smithson tò ká bí ìkarahun ìgbín sínú Great Salt Lake ní 1970. Fíìmù náà fi déètì hàn láti 1970 títí di 2007, òǹwòran sì ń wo bí omi ti ń kún tí ó sì ń fà. Ṣùgbọ́n láàárín 2005 sí 2007 ni ó ya gbogbo rẹ̀, nígbà tí ó lọ síbẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́rìndínlógún. Ó wo àkọsílẹ̀ bí omi adágún náà ti ń ga tí ó sì ń lọ sílẹ̀, ó sì to àwòrán rẹ̀ kí ó lè bá a mu.

Èyí tí ó jáde ní 2022, The United States of America, tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ìran 52 ni: ìpínlẹ̀ 50, Washington D.C. àti Puerto Rico, a sì tò wọ́n bí álífábẹ́ẹ̀tì ti tò wọ́n. Orúkọ ibi kọ̀ọ̀kan hàn gbangba. A wo pápá, a ní Kansas ni. A wo omi, a ní Louisiana ni. Ní ìparí pátápátá ni àkọsílẹ̀ sọ fún wa pé California ni Benning ti ya gbogbo rẹ̀.

Kí ni a ó ti pe èyí? Irọ́ ni, a kò ní fi ọ̀rọ̀ bò ó. Ìbéèrè tí ó kù ni ẹni tí ó purọ́. Orúkọ ni a kà, a sì fi orúkọ náà ríran. Ohun tí a ti gbọ́ nípa Kansas ni a rí, kì í ṣe ohun tí ó wà níwájú wa. Yorùbá a máa sọ pé àlejò lójú ṣùgbọ́n kò fi ríran. Benning fi hàn pé onílé pàápàá lè di àlejò lórí ilẹ̀ rẹ̀ bí ó bá fi orúkọ rọ́pò wíwò. Ẹ̀kọ́ tí ó wà níbẹ̀ fún òpìtàn ni pé ẹ̀rí ojú kò dá dúró. Nínú El Valley Centro, àkọsílẹ̀ ìparí là wá lójú. Nínú fíìmù 2022 yìí, àkọsílẹ̀ ìbẹ̀rẹ̀ fọ́ wa lójú, ti ìparí sì tún là á. Ọwọ́ kan náà ni ó kọ méjèèjì. Nítorí náà, ẹni tí ó ń wo àwòrán àtijọ́, tí ó ń ka orúkọ tí wọ́n kọ sábẹ́ rẹ̀, ní láti béèrè pé ta ni ó kọ orúkọ náà, nígbà wo, àti nítorí kí ni.

A kò ní sọ pé iṣẹ́ Benning kò lábùkù. Ọ̀pọ̀ ohun tí a fi ṣe àlàyé lókè yìí, inú ìwé ìtàn ni a ti rí i, kì í ṣe inú fíìmù náà. Ẹni tí kò mọ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní 1905 lè wo Salton Sea fún ìṣẹ́jú 10 kí ó dìde kí ó sì máa yin ẹwà omi. Àléébù yìí kì í ṣe kékeré, nítorí pé àwọn tí kò ráàyè ka ìwé ni ó yẹ kí fíìmù ràn lọ́wọ́ jù. Síbẹ̀, ìwé ìtàn nìkan náà kò tó. Ẹni tí ó ka 1905 nínú ìwé tí kò wo omi náà rí, nọ́ńbà ni ó mọ̀.

Àgbálọgbábọ̀

A ti gbìyànjú nínú àpilẹ̀kọ yìí láti fi hàn pé fíìmù James Benning jẹ́ ọ̀nà kan láti kọ ìtàn. Ní Milwaukee, ó fi ohùn àtijọ́ àti ògiri tí ó ti wó ṣe ẹ̀rí ìṣubú iṣẹ́. Ní California, ó béèrè ẹni tí ó ni ilẹ̀ àti omi. Ní Allensworth, ó jókòó ti ìlú tí wọ́n fi òùngbẹ pa. Nínú àwọn fíìmù ẹ̀yìn wá, ó kìlọ̀ fún wa pé kí a má gba ojú gbọ́ láìbi í léèrè ọ̀rọ̀.

Àwọn àgbà ní ohun tí àgbàlagbà bá jókòó rí, bí ọmọdé gun orí igi, kò lè rí i. A sábà máa ń rò pé ọgbọ́n orí ni òwe yìí ń sọ. Lẹ́yìn tí a ti wo iṣẹ́ Benning, a lérò pé ìjókòó náà gan-an wà lára ọgbọ́n ọ̀hún. Àwa tí a ń kọ́ àwọn tí yóò di olùkọ́ lọ́la, bóyá ó yẹ kí a máa kó wọn jáde nígbà mìíràn, kí wọ́n jókòó síwájú odò tàbí ọjà kan tí wọ́n rò pé àwọn ti mọ̀. Kí wọ́n wò ó fún ìṣẹ́jú 10, kí ẹnikẹ́ni má sọ̀rọ̀. Lẹ́yìn náà ni kí a tó ṣí ìwé, kí a sì béèrè orúkọ ẹni tí ó ni ín.